Ọmọ Alápatà Haselried àti Òpó Mítà Mọ́kànlélọ́gbọ̀n

Nígbà tí olùdarí fíìmù Alexis Nagell kú ní Munich lọ́dún tó kọjá, ìwé ìròyìn fi odidi ojú ewé kan pọ́n ọn lé. Wọ́n ní àgbà nínú iṣẹ́ ni. Wọ́n ní olùkọ́ orin ni bàbá rẹ̀. Wọ́n ní òtítọ́ ló fi gbogbo ayé rẹ̀ wá kiri. Mo gbé awò ojú mi méjèèjì léra, mo kà á tán, mo sì fi ìwé náà wé ẹja. Ẹja ọ̀hún kò rùn tó ohun tí wọ́n kọ.

Ẹ̀yin ọmọ-ọmọ mi, Loisl là ń pè é ní Haselried níbí. Alois ni orúkọ tí àlùfáà pè sí i lórí nígbà tó ń ta omi sí i, Zwicknagl sì ni orúkọ ilé bàbá rẹ̀. Bàbá ọ̀hún kò kọ́ ẹnikẹ́ni lórin rí. Alápatà ni. Blasius Zwicknagl, ọkùnrin tó jẹ́ pé bó bá fọ́n fèrè imú rẹ̀ lówùúrọ̀, gbogbo ẹlẹ́dẹ̀ àdúgbò á bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀. Sọ́séèjì funfun tó máa ń ṣe dùn débi pé bíṣọ́ọ̀bù tó kọjá níbí lẹ́ẹ̀kan gé ìwàásù rẹ̀ sí méjì kí ó lè tètè bá a nínú ìkòkò. Èmi Quirin wà níbẹ̀. Mo gbọ́ bí ikùn bíṣọ́ọ̀bù ṣe ń ṣe àmín.

Àwọn àgbà ní ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ. Loisl wo ilé, ó rí ìfun àti ẹ̀jẹ̀, ó bá sọ ara rẹ̀ lórúkọ mìíràn. Bí bàbá rẹ̀ ṣe ń gé orí ẹran dànù ló ṣe gé orí Zwicknagl. Ìrù rẹ̀ ló mú, ó fi lẹ́tà méjì kún un kó lè dùn ún wò lára ògiri sinimá, ó wá ń jẹ́ Nagell.

Mo fi ọdún márùn-ún jù ú lọ, mo sì mọ̀ ọ́n láti kékeré. Ní gbogbo eré tí a bá ń ṣe, Loisl kì í sáré, kì í fò, kì í ṣubú. Orí òkìtì ìgbẹ́ màlúù lẹ́yìn ìsọ̀ bàbá mi ló máa ń dúró sí, á máa na ìka: "Ìwọ, kú síbí. Ìwọ, sunkún. O ò sunkún dáadáa, tún un ṣe." Ibẹ̀ ló ti kọ́ṣẹ́. Gbogbo ohun tó wá mọ̀ lẹ́yìn náà, orí ìgbẹ́ yẹn ló ti mọ̀ ọ́n.

Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún, ó lọ sí Munich. Wáyà ló kọ́kọ́ ń gbé nílé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n, ó ń wọ́ ọ nílẹ̀ bí ẹni ń fa ìfun. Lẹ́yìn ìyẹn ni òun àti àwọn onírùngbọ̀n bíi tirẹ̀ ṣe fíìmù kan, ìṣẹ́jú mọ́kànlá, nínú èyí tí obìnrin kan jókòó tó ń bó àlùbọ́sà, tó sì ń sunkún. Kò sí nǹkan mìíràn níbẹ̀. Àwọn onírùngbọ̀n yòókù fún un lẹ́bùn nítorí ìbànújẹ́ tó wà nínú rẹ̀. Ìyàwó mi bó àlùbọ́sà fún ogójì ọdún, kò sẹ́ni tó fún un ní nǹkan kan.

Àlùbọ́sà kì í bọ́ olùdarí. Loisl padà sí tẹlifíṣọ̀n, ó sì ń darí eré alọ́sẹ̀ọ̀sẹ̀ kan tí wọ́n ń pè ní Dókítà Orí Òkè. Gbogbo Ọjọ́bọ̀ ló ń jáde. Opó kan á wà níbẹ̀, ẹṣin kan á wà níbẹ̀, ọmọ kan á já bọ́ láti orí ẹṣin ọ̀hún, dókítà á ṣí fìlà, á wo òkè, orin á bẹ̀rẹ̀. Ìgbà mẹ́rìnléláàádọ́rùn-ún ni Loisl ti ọmọ ọlọ́mọ lulẹ̀ láti orí ẹṣin. Ìyá rẹ̀, Walburga, tó ń bójú tó ìsọ̀ ẹran láti ìgbà tí Blasius ti kú, máa ń tẹ́ tábìlì sílẹ̀ níwájú tẹlifíṣọ̀n, ìdajì abúlé á kún yàrá rẹ̀. Mi ò ní purọ́ fún yín, èmi náà sunkún níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Mo ní èéfín ni.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ohun tí ọmọ yìí lọ sọ lórí rédíò. Ó ní ọwọ́ òsì lòun fi ń ṣe tẹlifíṣọ̀n, pé ìdọ̀tí ni, pé fíìmù sinimá ni iṣẹ́ ọwọ́ ọ̀tún òun. Walburga gbọ́ ọ níbi tó ti ń yí ẹran. Ọwọ́ òsì yìí náà ló fi kọ́ ilé tó ní adágún omi ìlúwẹ̀ẹ́ ní Munich. Ọwọ́ òsì yìí náà ló fi ń fi káàdì Kérésìmesì ránṣẹ́ sí ìyá rẹ̀, èyí tí akọ̀wé rẹ̀ bá a kọ.

Ọdún kan wá dé tí ọwọ́ ọ̀tún náà máa ṣiṣẹ́. Loisl kọ ìtàn fíìmù kan nípa abúlé kan. Ìgbìmọ̀ kan wà tó máa ń fún àwọn onífíìmù lówó ìjọba. Wọ́n ka ìwé rẹ̀, wọ́n ń sùn lọ, àfi ìgbà tí wọ́n dé ìparí, níbi tí gbogbo ará abúlé ti ń gbé òpó gíga àjọ̀dún ọjọ́ kìíní oṣù karùn-ún dúró. Wọ́n jí. Wọ́n ní, "Nítorí òpó yìí la ṣe máa fún ọ lówó. Bí òpó ò bá sí, fíìmù ò sí." Loisl ti pé ọmọ ọdún méjìlélógójì. Ó mọ̀ pé bí èyí bá bọ́, ẹṣin àti opó ni títí ikú.

Ó dé lóṣù kẹrin pẹ̀lú ọkọ̀ akẹ́rù mẹ́fà, olùrànlọ́wọ́ rẹ̀ kan láti Hamburg tó ń jẹ́ Dörte, àti akọ̀ròyìn kan pẹ̀lú kámẹ́rà lọ́rùn, tó fẹ́ kọ̀wé nípa bí wọ́n ṣe ń bí iṣẹ́ ńlá. Kò sùn nílé ìyá rẹ̀. Ó ní òórùn sọ́séèjì ń dí òun lọ́wọ́ àròjinlẹ̀.

Èmi ni gbẹ́nàgbẹ́nà abúlé, èmi ni mo sì gbẹ́ òpó ọdún yẹn. Igi páìnì kan ṣoṣo ni, mítà mọ́kànlélọ́gbọ̀n, ó tọ́ bí ọ̀rọ̀ ajẹ́rìí Ọlọ́run. Àwọn ará Moosing lódìkejì odò ní mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni. Owú ló ń jẹ wọ́n. A kùn ún ní funfun àti búlúù, a tẹ́ ẹ sínú abà mi, ọkùnrin méje sì ń ṣọ́ ọ tọ̀sán tòru. Ẹ̀yin náà mọ ìdí rẹ̀. Kí ọjọ́ àjọ̀dún tó pé, abúlé tó múlé gbè wá lẹ́tọ̀ọ́ láti jí i. Bí a bá gbọ́wọ́ lé e kó tó kọjá ààlà, wọ́n á jọ̀wọ́ rẹ̀. Bó bá ti kọjá afárá, tiwọn ni, àfi ká fi ọtí àti oúnjẹ rà á padà, ká sì jẹun pọ̀. Bàbá mi jí ti Moosing nígbà méjì. Àwọn baba wọn jí tiwa láyé Olú-ọba àtijọ́. Ẹnì kan ò sì ṣẹjọ́ rẹ̀ rí, nítorí ẹni tó bá pe ọlọ́pàá sí òpó ti fi gbogbo ilé rẹ̀ ṣẹ̀sín.

Ní ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù kẹrin, ní nǹkan bí aago mẹ́wàá ààbọ̀ àárọ̀, Loisl wọ inú abà.

"Ẹ̀yin bàbá, ẹ jáde fún mi. Imú yín ń hàn nínú kámẹ́rà. Mo fẹ́ òpó nìkan, ní ìdákẹ́jẹ́."

Mo ní, "Loisl, òpó kì í dá wà. O mọ̀ pé ọwọ́ Moosing gùn."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ọlọ́run ò! Ẹ ṣì ń ṣe eré ọmọdé yẹn? Quirin, fíìmù là ń ṣe níbí, a ò gé ìfun."

"Ìwọ lo sọ ọ́ o," ni mo wí.

Bó bá jẹ́ ọjọ́ mìíràn, à bá jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Ṣùgbọ́n Walburga ti gbé sọ́séèjì funfun kaná, sọ́séèjì funfun ò sì gbọdọ̀ gbọ́ agogo ọ̀sán láyé. Kí agogo tó lù lèèyàn gbọ́dọ̀ jẹ ẹ́ tán. Àwọn ará Moosing mọ èyí bí wọ́n ṣe mọ orúkọ ìyá wọn. Àwa méjèèje bá lọ jókòó sídìí mọ́stádì.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn wa, Dörte ló sọ ọ́ fún mi, ó di igi abà mú kí ẹ̀rín má bàa gbé e ṣubú. Wọ́n ti háyà ogún ọkùnrin láti ìlú ńlá láti wá gbé òpó náà jáde fún fíìmù. Aago mọ́kànlá ni wọ́n dá fún wọn. Ní aago mọ́kànlá kù díẹ̀, ogún ọkùnrin wọlé, wọ́n wọ ṣòkòtò awọ, wọ́n dé fìlà. Sixtus, alága àwọn ọ̀dọ́ Moosing, ló ṣáájú, orí bí agbada ìdáná, irun ẹnu bí ìgbálẹ̀.

Dörte ní, "Ṣé ẹ̀yin lẹ fẹ́ wá gbé òpó?"

Sixtus ní, "Àwa náà ni, àǹtí. Òun gan-an la bá wá."

Wọ́n gbé e. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ẹnu ọ̀nà ni Loisl pariwo láti orí àga gíga rẹ̀: "Ẹ dúró! Ẹ̀ ń rẹ́rìn-ín! Kí ló pa yín lẹ́rìn-ín? Ẹ gbé e padà, ká tún un ṣe."

Ogún olè wo ara wọn. Wọ́n gbé e padà.

Ẹ̀ẹ̀kejì, ó ní wọ́n ń sáré jù. Wọ́n tún gbé e padà. Òógùn ti bo Sixtus. Ó ní, "Ọ̀gá, ṣé ó dá yín lójú pé kí a tún jáde?"

"Kí ló dé tí kò ní dá mi lójú? Ẹ gbé e bí ẹni tó ń bẹ̀rù kí wọ́n má mú òun! Ṣé ẹ ò tíì jí nǹkan rí láyé yín ni?"

"A ó gbìyànjú, ọ̀gá," ni Sixtus wí.

Ẹ̀ẹ̀kẹta, mo fi Jósẹ́fù Mímọ́ tí í ṣe gbẹ́nàgbẹ́nà bíi tèmi búra, kò sí ẹni tó gbé òpó dára tó bẹ́ẹ̀ rí. Loisl gun ẹ̀yìn ọkọ̀ pẹ̀lú kámẹ́rà, ó ń tẹ̀ lé wọn, ó ń juwọ́: "Ó dára! Ẹ má dúró! Ẹ máa lọ! Ẹ sọdá afárá! Ẹ sọdá!" Wọ́n sọdá. Nígbà tí ìdí òpó kan ilẹ̀ Moosing, Sixtus ṣí fìlà, ó tẹrí ba fún un bí ọmọ ilé ìwé.

"Ẹ ṣé gan-an, ọ̀gá. Irú olùrànlọ́wọ́ báyìí, a ò rí i rí. Ó ti di tiwa."

Ìgbà yẹn gan-an ni agogo ọ̀sán lù. Àwa méje jáde pẹ̀lú mọ́stádì nírùngbọ̀n, a rí abà tó ṣófo, a rí àwọn ogún ọkùnrin ìlú ńlá tí wọ́n pẹ́ wákàtí kan, tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ́ sílẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì, tí wọ́n ń bèèrè pé òpó wo ni kí àwọn gbé.

Moosing ránṣẹ́ ní ìrọ̀lẹ́. Ohun mẹ́ta ni wọ́n fẹ́: bíà lítà ọ̀ọ́dúnrún, ẹlẹ́dẹ̀ sísun méjì, àti ẹni tó darí wọn. Kó wá sídìí tábìlì wọn, kó so aṣọ funfun alápatà ti bàbá rẹ̀ mọ́ ìdí, kó gbé àwo fún wọn, kó sì sọ níwájú gbogbo èèyàn pé, "Èmi ni Loisl Zwicknagl, ọmọ alápatà Haselried."

Bíà kò já mọ́ nǹkan kan, a ti ń yí àgbá bọ̀. Ẹlẹ́dẹ̀ méjèèjì ti ń kọ ìwé ìhágún wọn. Ẹ̀kẹta yẹn nìkan ló kù, ọ̀rọ̀ ìṣẹ́jú kan. Ṣùgbọ́n akọ̀ròyìn jókòó níbẹ̀ pẹ̀lú kámẹ́rà lọ́rùn, òun kan náà tí Loisl ti sọ ìtàn bàbá olórin fún.

Walburga pe ọmọ rẹ̀ sẹ́yìn ilé, níbi tí akọ̀ròyìn ò ti lè gbọ́, ó gbé aṣọ náà jáde. Ó ti lọ̀ ọ́, ó ti fi sítáàṣì sí i, ó le bí pákó.

"Loisl, aṣọ bàbá rẹ rèé. Lọ gbé àwo fún àwọn èèyàn, kí o gba òpó rẹ padà."

"Màámi, ẹ ò mọ nǹkan tí wọ́n máa kọ nípa mi."

"Wọ́n á kọ pé o ní bàbá."

"Ẹ ṣáà dákẹ́ ná, Màámi. Mo máa yanjú ẹ̀ bí ọmọ ọ̀làjú."

Ọ̀làjú tó ní kò ju pé ó wa ọkọ̀ lọ sí ìlú lọ, ó sì kó ọlọ́pàá méjì dé lọ́jọ́ kejì. Ọlọ́pàá! Sí òpó! Obìnrin ń fa ọmọ wọlé. Àgbàlagbà kan lé ajá rẹ̀ sínú ilé kó má bàa rí i. Ọ̀gá nínú àwọn ọlọ́pàá náà, ọmọ agbègbè yìí ni, ó ṣí fìlà rẹ̀, ó ń yí i lọ́wọ́ bíi pé òun gan-an ló jalè.

Ó rọra ní, "Ọ̀gá Nagell, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ibí yìí kọ́ ni wọ́n bí yín sí?"

Akọ̀ròyìn gbé bírò rẹ̀. Walburga wà lójú fèrèsé. Loisl wo bírò.

"Rárá o," ló wí. "Iṣẹ́ ló gbé mi wá síbí."

Ó wù mí kí n sọ fún yín pé àkùkọ kọ. Àkùkọ ò kọ. Adìẹ Walburga kan ló yé ẹyin, tó sì pariwo, èyí náà tó wa. Àwọn ọlọ́pàá ní àwọn ò rí olè kankan, wọ́n wọ ọkọ̀ wọn, wọn ò tilẹ̀ wẹ̀yìn.

Lọ́jọ́ kejì, tí í ṣe ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n, Walburga so aṣọ ọkọ rẹ̀ mọ́ ìdí. Aṣọ ọ̀hún gùn débi pé ó ń fẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́. Ó fẹsẹ̀ rìn sọdá afárá níwájú àgbá bíà, àwa sì ń tẹ̀ lé e bí ìgbà tí a ń sin òkú ńlá. Ọ̀rìnlérúgba èèyàn ló jókòó sídìí tábìlì ní Moosing. Ó gbé àwo sókè.

"Èmi ni Walburga Zwicknagl," ló wí, "ìyá Loisl Zwicknagl, ọmọ alápatà Haselried. Ta ló fẹ́ mọ́stádì?"

Gbogbo wọn dìde, fìlà lọ́wọ́. Sixtus gba àwo lọ́wọ́ rẹ̀, ó fi àga rẹ̀ sílẹ̀ fún un kó jókòó, ó sì fọwọ́ ara rẹ̀ gé ẹran fún un. Ó fi fìlà rẹ̀ nu ojú. Ó ní èéfín ni.

Àwọn fúnra wọn ni wọ́n gbé òpó padà wá fún wa, pẹ̀lú fèrè àti ìlù. Nígbà tó di ọjọ́ kìíní oṣù karùn-ún, Loisl ti tò kámẹ́rà mẹ́ta yí gbàgede ká, ó tún gun àga gíga rẹ̀, ó na ìka. Walburga jáde sí iwájú òpó.

"Èmi ni mo rà á padà," ló wí. "Ẹni tí kò lórúkọ níbí ò ní yà á."

Ló bá tán. A kò na ẹnikẹ́ni, a kò bú ẹnikẹ́ni. Ibi tí kámẹ́rà bá kọjú sí, ọkùnrin mẹ́wàá á lọ dúró síbẹ̀, wọ́n á kẹ́yìn sí i. Ẹ̀yin tí ẹ mọ ẹ̀yìn àwọn ọkùnrin Haselried, ẹ mọ̀ pé oòrùn gan-an kì í ríbi kọjá. Lẹ́yìn wọn ni a ti gbé òpó dúró, pẹ̀lú ọ̀pá gígùn àti igbe ńlá, Moosing náà bá wa tì í. Loisl ń pariwo pé, "Màámi! Màámi, ẹ bá mi bẹ̀ wọ́n!" Ìgbà àkọ́kọ́ tó máa pè é bẹ́ẹ̀ níwájú akọ̀ròyìn nìyẹn, orin sì ti bò ó mọ́lẹ̀.

Kí ló ṣe? Ó ra páìpù irin, ó kùn ún ní funfun àti búlúù, ó fi ẹ̀rọ agbẹ́rù gbé e dúró níwájú ilé epo kan, ó háyà èèyàn kí wọ́n máa pàtẹ́wọ́. Bí ẹ bá fojú sílẹ̀ dáadáa, ẹ ó rí iye owó epo lẹ́yìn wọn. Ní Munich, nígbà tí fíìmù dé ibi páìpù, sinimá bú sẹ́rìn-ín. Ìgbìmọ̀ kò rẹ́rìn-ín. Ibì kan ṣoṣo ni gbogbo èèyàn yìn nínú fíìmù wákàtí méjì yẹn, ibi tí ogún ọkùnrin ti ń gbé òpó sọdá afárá. Wọ́n ní ìbẹ̀rù ojú wọn jọ òtítọ́. Ẹni tó mú kámẹ́rà gba ẹ̀bùn nítorí rẹ̀. Olùdarí ò gba nǹkan kan.

Loisl padà sídìí ẹṣin àti opó. Ìgbà méjìdínlọ́gọ́fà sí i ni ọmọ já bọ́ fún un, títí dókítà fi hu ewú. Walburga kò pàdánù Ọjọ́bọ̀ kan. Ṣùgbọ́n nígbà tí orúkọ Alexis Nagell bá fẹ́ hàn nígbẹ̀yìn, á dìde, á lọ wo iná ìdáná rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe títí ó fi kú, ọmọ náà sì wá síbi òkú, ó dúró lẹ́yìn gbogbo wa, ó tètè lọ.

Òun náà ló wá kọ ọ́ sínú ìwé ìhágún rẹ̀ pé Haselried ni kí wọ́n sin òun sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá òun. Wọ́n ní kí n gbẹ́ àgbélébùú. Òpó tá à ń wí yìí, a ti gé e lulẹ̀ lọ́dún kẹrin, bí a ti máa ń ṣe, mo sì fi ìdí rẹ̀ pa mọ́ sínú abà. Lára rẹ̀ ni mo ti gbẹ́ àgbélébùú náà.

Ìyàwó rẹ̀ láti Munich dúró níwájú àgbélébùú náà, ó kà á lẹ́ẹ̀mejì.

"Bàbá, kì í ṣe orúkọ ọkọ mi lẹ kọ síbí. Ta ni Alois Zwicknagl?"

"Ọmọ alápatà ibí ni, ìyàwó wa. Ìyá rẹ̀ ló pe orúkọ yẹn fún un ní Moosing. Mi ò lè gbé e padà."

Ó wá fa kámẹ́rà kékeré kan yọ nínú báàgì rẹ̀, ó ń wojú mi. "Ṣé mo lè yà á?"

Mo gbọn eruku igi kúrò lára rẹ̀.

"Ẹ yà á," ni mo wí. "Ó ti lórúkọ níbí báyìí."